Ọwọ́ Tó Mọ̀ Ọ́n Tú

Bí a bá ń yin káfíńtà, kíkàn la máa ń yìn. A ó ní ojú ìdè rẹ̀ ṣe rẹ́gí, a ó ní kọ́bọ́ọ̀dù tó kàn kò mì, a ó fọwọ́ ra ojú tábìlì rẹ̀ ká tó sanwó. Títú kì í sábà rí ìyìn gbà. Èrò ọ̀pọ̀ ènìyàn ni pé ẹnikẹ́ni tó bá lè di òòlù mú lè tú nǹkan. Iṣẹ́ kan tí mo fojú ara mi wò nílé ẹ̀gbọ́n mi obìnrin tí mo ń pè ní Àǹtí, ní Houston, ní ìpínlẹ̀ Texas, ló jẹ́ kí n máa sọ ọ́ fún ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ pé títú ló le jù. Wọ́n fẹ́ sún áílándì ilé ìdáná kúrò níbi tí ẹni tó kọ́lé gbé e sí, kò sì gbọdọ̀ sí ohun kan lára rẹ̀ tí yóò fọ́.

Ẹni tó bá ti wọ ilé ìgbàlódé, ì báà jẹ́ ní Lekki tàbí ní Amẹ́ríkà, á ti rí áílándì rí: kọ́bọ́ọ̀dù gbọọrọ tó dá dúró láàárín ilé ìdáná, tí kò fara ti ògiri kankan, tí òkúta dídán bò lórí. Orí rẹ̀ ni wọ́n ti ń rẹ́ ẹ̀fọ́, orí rẹ̀ lọmọ ti ń ṣe iṣẹ́ àmúrelé, orí rẹ̀ náà ni wọ́n ń to abọ́ oúnjẹ sí bí àlejò bá pọ̀. Ti Àǹtí mi gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 7, òkúta orí rẹ̀ sì fẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà 4. Gírànáìtì ni, ó dúdú, ó ní wínníwínní funfun lára. Àbùkù rẹ̀ kan ṣoṣo ni ibi tó wà. Íǹṣì 34 péré ló wà láàárín rẹ̀ àti sítóòfù. Bí wọ́n bá ti ṣí ilẹ̀kùn ófùnù, ọ̀nà dí nìyẹn. Bí Àǹtí bá sì ń ro àmàlà, ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀ á máa kan etí òkúta lẹ́yìn. Ẹni tó bá ti ro àmàlà ènìyàn mẹ́wàá rí mọ̀ pé ọwọ́ nìkan kọ́ ló ń rò ó. Ẹ̀yìn àti ẹsẹ̀ ń bá ọwọ́ ṣe é, gbogbo wọn ló sì ń fẹ́ àyè. Ẹni tó ya àwòrán ilé náà kò ní orógùn lọ́kàn nígbà tó ń yà á.

Ọmọ Ìjẹ̀bú ni ọ̀gá káfíńtà tí wọ́n pè. Mushin ló ti kọ́ṣẹ́ kó tó rìnrìn àjò. Bàbá ni gbogbo wa ń pè é. Àwọn ọmọ Mẹ́síkò tó mọ iṣẹ́ òkúta dunjú ló ń bá a ṣiṣẹ́. Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ wá, tépù ìwọ̀n àti pẹ́ńsù nìkan ló mú dání. Ó ní, "Màmá, ẹ máa dáná yín lọ bí ẹni pé mi ò sí níbí," ó sì lọ dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ fíríìjì. Ó pẹ́ níbẹ̀. Ó ń wo ibi tí Àǹtí ń gbé ìkòkò gbígbóná sí, ibi tó ti ń yà fún ọmọ tó ń kọjá, ìgbà tó ń fi ìdí ti dúrọ́ọ̀ wọlé nítorí pé ọwọ́ rẹ̀ kún. Lẹ́yìn náà ló ṣí gbogbo ohun tó ṣeé ṣí lẹ́ẹ̀kan náà: ófùnù, fíríìjì, ẹ̀rọ tó ń fọ abọ́, gbogbo dúrọ́ọ̀. Ilé ìdáná náà kún débi pé ológbò kò lè kọjá. Inú rẹ̀ dùn sí ohun tó rí yẹn, nítorí pé ó ti rí àrùn náà ní kíkún.

Ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ń fi ìmọ̀ wo bí ẹsẹ̀ ṣe ń rìn nílé ìdáná. Lillian Gilbreth, ẹnjiníà obìnrin ará Amẹ́ríkà, bá iléeṣẹ́ gáàsì kan ní Brooklyn ṣètò ilé ìdáná àfihàn ní 1929. Ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀ ni bí ìṣísẹ̀ aláṣè yóò ṣe dín kù. Ní àwọn ọdún 1940, Yunifásítì Illinois fìdí ìlànà onígun mẹ́ta múlẹ̀: láti ojú iná dé sínkì, láti sínkì dé fíríìjì, láti fíríìjì padà sójú iná, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan má dín ní ẹsẹ̀ bàtà 4, kó má ju 9 lọ, kí àpapọ̀ rẹ̀ má sì ju 26 lọ. Lóde òní, National Kitchen and Bath Association ní Amẹ́ríkà sọ pé kí ọ̀nà iṣẹ́ fẹ̀ tó íǹṣì 42 bó bá jẹ́ ẹnì kan ló ń dáná, kó sì tó 48 bí aláṣè bá ju ẹyọ kan lọ. Ẹni tó bá mọ bí ilé Yorùbá ṣe ń rí ní ọjọ́ ìsọmọlórúkọ mọ̀ pé 48 ló kàn wá.

Bàbá mọ àwọn nọ́ńbà wọ̀nyí lórí, ṣùgbọ́n kò kà wọ́n sí Àǹtí létí. Tépù aláwọ̀ búlúù tí àwọn akunlé ń lò ló fi fa ìlà ibi tuntun sórí táìlì.

Àǹtí ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ ká sún un ní ẹsẹ̀ bàtà méjì, kí ara tù wá."

"Íǹṣì mẹ́rìnlá ni mo rí o, màmá. Ẹ to páálí sórí ìlà yìí, kí ẹ máa rìn yí i ká ná. Bí kò bá bá yín lára mu, ẹ pè mí."

Wọ́n to páálí síbẹ̀. Ọ̀nà iwájú sítóòfù di 48. Lódì kejì, níbi tí wọ́n ń to àga gíga sí, àyè tó jẹ́ íǹṣì 62 láàárín etí òkúta àti ògiri di 48 bákan náà. Bí ó bá jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà méjì tí Àǹtí ń fẹ́ ni, 38 ni ìbá kù níbẹ̀, ẹni tó bá sì fẹ́ kọjá lẹ́yìn ẹni tó jókòó nílò 44. Mo rò pé ìdí tí Bàbá fi mú 14 nìyẹn. Àṣé ìdajì ni mo rí. Ìdajì yòókù wà nísàlẹ̀.

Lórí kọnkéré ni ilé wọn dúró, bí ọ̀pọ̀ ilé ní Houston, kò sí àyè lábẹ́ ilẹ̀ tí èèyàn lè rá wọ̀. Amọ̀ ìlú náà máa ń wú bí òjò bá rọ̀, á sì sún kì bí ọ̀dá bá dé. Nítorí èyí ni àwọn akọ́lé fi máa ń na okùn irin sínú kọnkéré, tí wọ́n á sì fà á le lẹ́yìn tí kọnkéré bá ti ń gbẹ, kí ilẹ̀ ilé lè wà pọ̀ bó bá ń mì. Okùn kan tó nípọn ní ìdajì íǹṣì lè wà lábẹ́ agbára tó tó 33,000 pọ́ùn, ìyẹn bíi tọ́ọ̀nù 15. Ẹni tó bá fi ẹ̀rọ gé irú okùn bẹ́ẹ̀ láìmọ̀ lè ba ilé jẹ́, ó sì lè pa ara rẹ̀. Ní gáréèjì Àǹtí, àmì kan wà tí wọ́n tẹ̀ mọ́ kọnkéré, tó ń kìlọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má gé ilẹ̀ náà. Ọdún gbogbo ni wọ́n fi ń gbé ọkọ̀ gun orí rẹ̀ láìkà á. Bàbá ló kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ tó fọwọ́ nu eruku kúrò lára rẹ̀.

Páìpù wáyà tó gbé iná wá sí áílándì gba abẹ́ kọnkéré yìí, ó yọrí sókè nínú kọ́bọ́ọ̀dù. Bàbá wọ inú kọ́bọ́ọ̀dù náà pẹ̀lú iná ìléwọ́, ó wọn ibi tí páìpù ti yọ: íǹṣì 20 sí ojú kọ́bọ́ọ̀dù tó kọ sí sítóòfù. Bí kọ́bọ́ọ̀dù bá sún sẹ́yìn ní 14, páìpù yóò wà ní íǹṣì 6 sí ojú yẹn, inú kọ́bọ́ọ̀dù ló ṣì wà. Bó bá sún ní 24, páìpù yóò yọrí sójú ọ̀nà níbi tí ẹsẹ̀ ń gbà, dandan sì ni kí wọ́n gé ilẹ̀. Íǹṣì 14 yẹn tẹ́ aláṣè lọ́rùn, ó tẹ́ ẹni tó jókòó lọ́rùn, ó sì jẹ́ kí okùn irin wà láìfọwọ́kàn. Bàbá ti mọ̀ ọ́n láti ìgbà tó ti wà nílẹ̀ tó ń fi iná wò. Mo ka èyí sí iṣẹ́ ọwọ́ tó ga jù lọ nínú gbogbo ohun tí mo rí, bẹ́ẹ̀ òòlù kankan kò tíì jáde nínú àpò.

Ó dára pé sínkì kò sí lórí áílándì náà. Omi ìdọ̀tí gbọ́dọ̀ máa ṣàn wálẹ̀ ní ìdámẹ́rin íǹṣì lórí ẹsẹ̀ bàtà kọ̀ọ̀kan, páìpù rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ rí afẹ́fẹ́ mí, kí omi tó ń dènà òórùn nínú ìkọ́rọ́ rẹ̀ má bàa fà gbẹ. Sísún irú páìpù bẹ́ẹ̀ kò ní ṣeé ṣe láìgé kọnkéré.

Ọjọ́ òkúta ni ọjọ́ ńlá. Gírànáìtì tó nípọn ní sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta wọn bíi 18 pọ́ùn lórí ẹsẹ̀ bàtà onígun mẹ́rin kan. Ti Àǹtí jẹ́ 28, nítorí náà ó lé ní 500 pọ́ùn, ó ju àpò símẹ́ńtì mẹ́rin lọ. Ṣùgbọ́n ìwúwo rẹ̀ kọ́ ni ìṣòro. Gírànáìtì lè gbé ẹrù ńlá bí wọ́n bá dì í lé e lórí, ṣùgbọ́n kò fẹ́ kí àárín òun tẹ̀. Gbé e ní ìdùbúlẹ̀ kí àárín rẹ̀ má rí ohun fara tì, ó lè ṣẹ́ sí méjì nítorí ìwúwo ara rẹ̀. Gbé e dúró lórí etí rẹ̀, kò sí ohun tí yóò ṣe é.

Kí wọ́n tó gbé e, wọ́n ní láti tú u. Wọ́n kó gbogbo ohun tó wà nínú kọ́bọ́ọ̀dù, wọ́n yọ gbogbo dúrọ́ọ̀, Bàbá sì tún dùbúlẹ̀ sínú rẹ̀, ó ń wo abẹ́ òkúta. Ó ń wá ibi tí ẹni tó kọ́kọ́ ṣe é ti gọ́ọ̀mù sí. Ó fi pẹ́ńsù sàmì sí ara pákó níta ní ibi kọ̀ọ̀kan tó bá rí ìdì gọ́ọ̀mù sílíkóònù nínú. Ìgbà tó jáde, ó ní ẹni yẹn mọṣẹ́, kò fi gọ́ọ̀mù ṣòfò. Lẹ́yìn náà ló mú ọ̀bẹ tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí ó pẹlẹbẹ, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fà á wọ àárín pákó àti òkúta. Bí ọmọ tí ìyá rẹ̀ ní kó bá òun tú irun ló ń ṣe: ó ń wá orí okùn, kò fa ibi tó bá takú, ó ń lọ síbòmíràn, ó ń padà wá. Níbi tí gọ́ọ̀mù bá ti já, ó máa ń ki ègé igi pẹlẹbẹ kan bọ̀ ọ́, kò nípọn ju káàdì lọ, kí ojú náà má bàa padà pa dé. Kò sí ibi tó ti fi irin gbé òkúta sókè. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ Mẹ́síkò tẹ́ àtẹ́lẹwọ́ lé orí gírànáìtì náà ní gbogbo àsìkò yìí. Mo bi í léèrè pé kí ló ń ṣe. Ó ní òun ń dúró de ìgbà tí yóò mí. Nígbà tí gọ́ọ̀mù tó kẹ́yìn já, èmi kò gbọ́ ohunkóhun, ṣùgbọ́n òun gbé ọwọ́ sókè.

Wọ́n fi àwọn ìdìmú onírọ́bà tó ń fa ojú òkúta mọ́ra lé e. Wọ́n rọra fà á títí tí apá kan fi yọ síta díẹ̀, wọ́n dúró, wọ́n wo ara wọn lójú. Lẹ́yìn náà ni gbogbo wọn yí i dúró lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ọ̀rọ̀ kan péré ni ọ̀gá wọn sọ. Òkúta náà sọ̀ kalẹ̀ sórí kẹ̀kẹ́ onítìmùtìmù, ó dúró lórí etí rẹ̀, wọ́n sì tì í lọ sí pálọ̀. Mo ti rí àwọn alágbára tó ń gbé ohun tó wúwo jù báyìí lọ. Ohun tí mi ò rí rí ni kí ènìyàn márùn-ún gbé nǹkan kí èjìká wọn ga sókè lẹ́ẹ̀kan náà bẹ́ẹ̀.

Kọ́bọ́ọ̀dù rọrùn ju òkúta lọ, mi ò ní pẹ́ lórí rẹ̀. Wọ́n tú síkúrù tó dè é mọ́ igi ìsàlẹ̀, wọ́n gbé e tán kúrò lórí páìpù, wọ́n fà á lórí kúbùsù àtijọ́ lọ bá òkúta.

Ìgbà yẹn ni ilẹ̀ wá hàn. Káàkiri ilé ìdáná ni táìlì wà, ṣùgbọ́n ibi tí áílándì dúró sí jẹ́ kọnkéré lásán, nítorí pé kò sí akọ́lé tó ń fi táìlì ṣòfò sábẹ́ ohun tí ẹnikẹ́ni kò ní rí. Bí kọ́bọ́ọ̀dù bá sún sẹ́yìn, kọnkéré fífẹ̀ íǹṣì 14 yóò hàn níwájú sítóòfù, níbi tí ojú ti ń wo jù. Èmi rò pé a ó ra táìlì mìíràn. Bàbá ní ká má dá a láṣà: táìlì tó bá tilẹ̀ jẹ́ orúkọ kan náà, tí kì í bá ṣe ọjọ́ kan náà ni wọ́n sun ún, àwọ̀ rẹ̀ kì í bára mu. Ó wá na ọwọ́ sí ẹ̀yìn, síbi tí kọ́bọ́ọ̀dù yóò tẹ̀ sí. Íǹṣì 14 táìlì ló fẹ́ wọ abẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù níbẹ̀. Íǹṣì 14 ló sì fẹ́ níwájú. Táìlì kan náà ni, ọdún kan náà ni wọ́n fi tẹ̀ wọ́n, omi ìnulẹ̀ kan náà ló ti wẹ̀ wọ́n.

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí wọn. Ó kọ́kọ́ fi ìdí ọ̀bẹ kàn wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń tẹ́tí sí ìdáhùn wọn. Èyí tó bá dún bí ohun tó ṣófo nínú, símẹ́ńtì abẹ́ rẹ̀ kò kún, òun ló máa ṣí ṣáájú. Ó yọ símẹ́ńtì tó wà láàárín wọn kúrò títí ó fi mọ́, kí táìlì kan má bàa fa èkejì ya. Lẹ́yìn náà ló gba etí tó ti ṣí sílẹ̀ láti ibi tí áílándì ti kúrò, ó ń ti abẹ ẹ̀rọ wọlé ní ìdùbúlẹ̀, ó ń gé símẹ́ńtì abẹ́ rẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Àwọn kan fọ́. Èyí tó pọ̀ jù jáde ní odidi, ó sì ń tò wọ́n sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri bí wọ́n ṣe ń jáde. Kò mọ síbẹ̀ o. Àwọn táìlì tó wà létí áílándì tẹ́lẹ̀, wọ́n ti gé wọn kéékèèké láti fi bá etí rẹ̀ mu. Bó bá kàn fi ègé mìíràn tì wọ́n, ìlà ìsopọ̀ gbọọrọ kan á wà lójú ilẹ̀ tí yóò máa sọ fún gbogbo àlejò pé nǹkan kan ti wà níbí. Ó ṣí àwọn àbọ̀ yẹn náà kúrò, ó fi odidi rọ́pò wọn. Ìwọ̀nba táìlì tó ṣẹ́ kù nínú páálí kan ní gáréèjì dí àyè àwọn tó fọ́. Ṣùgbọ́n nítorí pé ẹsẹ̀ kò tíì tẹ ìyẹn rí, ẹ̀bá ẹsẹ̀ kọ́bọ́ọ̀dù, níbi tí òjìji máa ń bò, ló tò wọ́n sí.

Pàṣípààrọ̀ yìí tún ní èrè kejì. Bí táìlì ẹ̀yìn ti kúrò, kọnkéré ni gbogbo abẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù ní ibùdó rẹ̀ tuntun, láìsí pé apá kan ga ju èkejì lọ.

Síbẹ̀, kọnkéré kì í tẹ́ pẹrẹsẹ láé. Bàbá fi lẹ́fẹ́lì wá ibi tó ga jù, láti ibẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀, ó ń fi ègé igi gbé ìyókù sókè títí gbogbo rẹ̀ fi bára dọ́gba. Gọ́ọ̀mù líle àti síkúrù kúkúrú tí kò wọlé ju íǹṣì kan lọ ló fi de igi ìsàlẹ̀ mọ́ ilẹ̀, nítorí okùn irin náà. Oníṣẹ́ iná fa wáyà tuntun láti orí páìpù gba abẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù, láìsí ìsopọ̀ kankan lọ́nà. Ìtẹ̀jáde 2023 ti ìwé òfin iná Amẹ́ríkà, National Electrical Code, kò fẹ́ sọ́kẹ́ẹ̀tì lẹ́gbẹ̀ẹ́ áílándì nísàlẹ̀ òkúta mọ́, nítorí ọmọdé lè fa wáyà kí òróró gbígbóná dà lé e lórí. Nítorí náà wọ́n lu ihò tí sọ́kẹ́ẹ̀tì yóò wà sójú gírànáìtì lẹ́yìn tí wọ́n ti dá a padà sórí kọ́bọ́ọ̀dù. Irin olójú dáyámọ́ńdì ni wọ́n fi lù ú, wọ́n sì fi amọ̀ rírọ̀ ṣe odi kékeré yí i ká kí omi lè dúró níbẹ̀. Omi yìí kò ṣeé yọ sílẹ̀. Eruku òkúta máa ń ba ẹ̀dọ̀fóró jẹ́ láìṣeé wò sàn. Òkúta àtọwọ́dá tí wọ́n ń fi kúọ́ọ̀tísì ṣe ló burú jù, débi pé Ọsirélíà fòfin dè é láti oṣù keje 2024. Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ oníṣẹ́ òkúta ló ti kú nítorí eruku yìí. Nígbà tí irin kù díẹ̀ kó jáde lódì kejì, ọmọ Mẹ́síkò náà gbé gbogbo agbára rẹ̀ kúrò lórí ẹ̀rọ, kí abẹ́ òkúta má bàa ṣán.

Àwọn fìtílà tó rọ̀ láti òkè àjà kù. Orí áílándì ni wọ́n wà tẹ́lẹ̀, wọ́n wá di ohun tó ń kọlu orí ẹni tó ń kọjá. Wọ́n sún àwọn náà ní íǹṣì 14, wọ́n dí ihò àtijọ́, wọ́n kun gbogbo àjà láti ògiri dé ògiri, nítorí pé ọ̀dà tuntun lójú kan máa ń hàn bí àpá.

Kí Bàbá tó dá dúrọ́ọ̀ tó kẹ́yìn padà, ó tún wọ inú kọ́bọ́ọ̀dù. Ó fi pẹ́ńsù kọ ọjọ́ sí ara pákó, ó ya àwòrán ibi tí páìpù wà pẹ̀lú ìwọ̀n rẹ̀, ó fi àmì sí ibi tí gọ́ọ̀mù òkúta wà lọ́kọ̀ọ̀kan, ó kọ ọ́ pé ilẹ̀ náà ní okùn irin, pé táìlì márùn-ún ṣẹ́ kù nínú páálí ní gáréèjì. Àǹtí bi í pé ta ni yóò ka gbogbo ìyẹn.

"Ẹni tó máa tú u lẹ́yìn mi, màmá," ló ní, ó sì ti dúrọ́ọ̀ náà wọlé.